Bí Àgbà Bá Ṣubú: Owó-orí àti Ìbéèrè Aráàlú

Àwọn baba wa ní bọ́mọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bágbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Ibi tí ọmọdé ń sá lọ ló ká a lára, tàbí ẹni tí yóò wá gbé e dìde, ìdí nìyẹn tó fi ń wo iwájú. Àgbà ní tirẹ̀ ń wo ohun tó kọ̀ ọ́ lẹ́sẹ̀, torí ó mọ̀ pé ọ̀nà yẹn náà lòun yóò tún gbà bọ̀. Òwe yìí kò bá àgbà wí pé ó ṣubú. Ta ni kì í ṣubú? Ohun tó ń kìlọ̀ fún un ni pé kó má kàn gbọn eruku nù, kó máa lọ, láìmọ ohun tó gbé e dálẹ̀.

Nàìjíríà ti kúrò lọ́mọdé. Ọjọ́ kìíní oṣù Kẹwàá, 1960 la gbòmìnira, ẹni tí wọ́n bí lọ́jọ́ náà ti di arúgbó tó lọ́mọ-ọmọ. Síbẹ̀, bí ọ̀rọ̀ ìjọba bá ti dojú rú, iwájú là ń wò: ìdìbò tó ń bọ̀, ààrẹ tó ń bọ̀, òfin tuntun tó ń bọ̀. Ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹfà, 2025, Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú fọwọ́ sí òfin owó-orí mẹ́rin, wọ́n sì fi ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní, 2026 ṣe ìbẹ̀rẹ̀ ètò tuntun náà. Àwọn kan ń sọ pé yóò tú tálákà sílẹ̀, àwọn mìíràn ń sọ pé yóò fún un lọ́rùn. Kí a tó gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni nínú wọn, ó yẹ ká wẹ̀yìn wò, torí owó-orí ti kọ ìjọba lẹ́sẹ̀ lórí ilẹ̀ yìí láìmọye ìgbà.

Kí òyìnbó tó dé, àwọn ìlú wa ń san owó. Ìṣákọ́lẹ̀ wà, owó ibodè wà, àwọn ará ìlú sì ń ṣiṣẹ́ fún ọba. Ṣùgbọ́n ọba mọ̀ pé àwọn ìjòyè ń wo òun, bí òun bá sì ni ìlú lára ju bó ti yẹ lọ, ìlú lè kọ òun. Àwọn òyìnbó tó yìnbọn lu Èkó lọ́dún 1851, tí wọ́n sì gbà á lọ́wọ́ Ọba Dòsùnmú lọ́dún 1861, kò sí ìlú kankan níhìn-ín tó lè kọ̀ wọ́n. Ọba tiwọn wà ní Lọ́ńdọ̀nù, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti ń jíṣẹ́.

Nígbà tí Gómìnà Lugard so Àríwá àti Gúúsù pọ̀ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní, 1914, ìṣirò owó wà lára ohun tó fà á. Owó tó ń wọlé ní Àríwá kò tó ná, owó ibodè tí wọ́n ń gbà lórí ọjà tó ń gba etíkun wọlé sì ń pọ̀ ní Gúúsù. Wọn ò pe aráàlú jókòó láti bi wọ́n bóyá wọ́n fẹ́ jẹ́ orílẹ̀-èdè kan. Lẹ́yìn èyí ni Lugard gbé owó-orí tí olúkúlùkù yóò máa san wá sí ilẹ̀ Yorùbá. Ó dé Ọ̀yọ́ lọ́dún 1916, ó sì dé Ẹ̀gbá lọ́dún 1918.

Ọ̀rọ̀ Ẹ̀gbá ló yẹ ká dúró lé lórí. Àdéhùn ọdún 1893 fi Ẹ̀gbá sílẹ̀ láti máa ṣàkóso ara rẹ̀, owó ibodè ni ìjọba wọn sì fi ń gbọ́ bùkátà. Lọ́dún 1914, lẹ́yìn tí àwọn ṣọ́jà yìnbọn pa èèyàn ní Ìjẹmọ, òyìnbó fagi lé àdéhùn náà. Kò pẹ́ tí wọ́n fi pa owó ibodè rẹ́, tí wọ́n fi owó-orí rọ́pò rẹ̀, tí wọ́n sì tún ń kó àwọn àgbẹ̀ lọ la ọ̀nà láìsanwó fún wọn. Nígbà tó di oṣù Kẹfà, 1918, àwọn èèyàn dìde. Wọ́n tú ojú irin, wọ́n gbógun ti àwọn ṣọ́jà, ogun náà là ń pè ní Ogun Àdùbí títí dòní. Àwọn ọmọ ogun tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ìlà-oòrùn Áfíríkà dé, níbi tí wọ́n ti lọ bá òyìnbó jagun àgbáyé, ni wọ́n kó tì wọ́n. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹ̀mí ló ṣòfò.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, òfin Gómìnà Clifford gbà fún àwọn ọmọ ilẹ̀ yìí láti dìbò yan aṣojú sí ìgbìmọ̀ aṣòfin fún ìgbà àkọ́kọ́. Àwọn wo ló lè dìbò? Ọkùnrin nìkan, ní Èkó àti Kálábà nìkan, tó ń rí ọgọ́rùn-ún pọ́n-ùn lọ́dún. Àgbẹ̀ tó sin òkú lẹ́yìn Ogun Àdùbí ní láti san owó-orí, àmọ́ kò lẹ́nu láti sọ bí wọn yóò ṣe ná an.

Nílẹ̀ Ìgbò, àwọn ọkùnrin bẹ̀rẹ̀ sí í san tiwọn lọ́dún 1928. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 1929, ẹni tó ń ka èèyàn fún ìjọba wọ agbo ilé kan ní Ólókò, ó ní kí obìnrin kan tó ń jẹ́ Nwanyeruwa ka àwọn èèyàn àti ẹran ọ̀sìn rẹ̀. Àwọn obìnrin gbọ́, wọ́n mọ ohun tí kíkà ń bí. Wọ́n tú jáde láti ìlú dé ìlú, wọ́n ń lé àwọn olóyè tí òyìnbó fi ìwé yàn lé wọn lórí. Àwọn tí wọ́n yìnbọn pa lé ní 50. Ìgbà náà ni ìjọba tó gbà pé àwọn olóyè oníwèé náà kì í ṣe ẹni tí ìlú mọ̀, tí wọ́n sì yí ètò ọ̀hún padà.

Abẹ́òkúta tún gbóná ní 1947. Obìnrin ń san owó-orí tirẹ̀ lọ́tọ̀, ọmọbìnrin ọdún 15 pàápàá kò yọ sílẹ̀, bẹ́ẹ̀ kò sí obìnrin kan nínú ìgbìmọ̀ tó ń ṣèlú. Olóyè Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kútì kó àwọn obìnrin ọjà àti àwọn tó mọ̀wé pọ̀ sínú ẹgbẹ́ kan náà. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún wọn lọ sí ààfin Aké, wọ́n kọrin, wọ́n jókòó, wọ́n sùn síbẹ̀. Wọn ò fi orin mọ. Wọ́n gba oníṣirò owó, wọ́n ní kí wọ́n yẹ ìwé owó ìlú wò. Ìjọba dá owó-orí àwọn obìnrin dúró, Aláké Adémọ́lá Kejì fi orí oyè sílẹ̀ ní oṣù Kìíní, 1949, wọn kò sì jẹ́ kó padà títí di òpin ọdún 1950. Àwọn obìnrin sì rí àyè nínú ìgbìmọ̀ ìlú.

Ẹ jẹ́ ká wo ohun tó kọ ìjọba lẹ́sẹ̀ nínú gbogbo èyí. Àwọn tó sọ pé èèyàn wa kò fẹ́ sanwó ìlú kò tíì wo ìtàn náà dáadáa. Iye owó dùn wọ́n, lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ohun mẹ́ta mìíràn wà níbẹ̀ nígbà gbogbo: ìjọba ò bi aráàlú kó tó bù ú lé wọn, wọn ò sọ fún wọn ohun tí wọ́n fi owó náà ṣe, aráàlú ò sì lè yọ àwọn tó ń gbà á. Ẹni tó bá wà nípò bẹ́ẹ̀, ẹrú ìjọba ni, ìwé yòówù tí ì báà ní lọ́wọ́.

Ẹ̀rí wà pé àwọn èèyàn wọ̀nyí kan náà máa ń sanwó. Lọ́dún 1953, ìjọba Ìwọ̀-oòrùn tí Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ń darí bu ṣílè mẹ́wàá àti kọ́bọ̀ mẹ́fà lé àwọn tó ń san owó-orí fún ètò ẹ̀kọ́ àti ìlera. Àwọn èèyàn bínú. Nígbà ìdìbò ìjọba àpapọ̀ ọdún 1954, ẹgbẹ́ Ọlọ́pẹ, ẹgbẹ́ òṣèlú Awólọ́wọ̀, fìdí rẹmi ní ilé ara rẹ̀. Àmọ́ ní ọjọ́ 17 oṣù Kìíní, 1955, ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ọ̀fẹ́ ṣí, ọmọ tó wà ní kíláàsì lọ́dún náà lé ní 800,000. Ìyá tó ń ta èlùbọ́ rí ọmọ rẹ̀ tó ń ka ABD, ó mọ ibi tí ṣílè mẹ́wàá ọkọ rẹ̀ wọlé sí. Lọ́dún 1956, wọ́n dìbò, wọ́n dá ìjọba náà padà. Ìjọba bu owó, ìlú fi ìbò bá a wí, ìjọba fi iṣẹ́ dáhùn, ìlú sì dá a láre. Bí ọmọ orílẹ̀-èdè àti ìjọba ṣe ń bára wọn sọ̀rọ̀ nìyẹn.

Ọdún méjìlá péré lẹ́yìn ìgbà náà, ilẹ̀ Ìwọ̀-oòrùn yìí kan náà gbiná. Ogun abẹ́lé ń lọ lọ́wọ́, ṣọ́jà ló ń ṣèjọba, kò sí ìdìbò. Owó kòkó kò yá àgbẹ̀ lára, ọ̀nà oko ti bàjẹ́, àwọn òṣìṣẹ́ káńsù ń fi owó-orí yọ àwọn èèyàn lẹ́nu, owó náà sì ń lọ sókè. Láàárín 1968 sí 1969, àwọn àgbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Àgbẹ̀kọ̀yà dìde. Àwọn tí Táfà Adéoyè, aṣáájú wọn, kó sòdí tú ẹ̀wọ̀n Agodi n'Ìbàdàn, ọ̀pọ̀ ló kú, Ṣọ̀ún Ògbómọ̀ṣọ́ pàápàá bá a lọ. Ìgbà tí Awólọ́wọ̀ lọ bá wọn sọ̀rọ̀, tí ìjọba sì dín owó náà kù, ni nǹkan tó rọ̀. Àwọn àgbẹ̀ tó san owó ilé ẹ̀kọ́ wà lára àwọn tó ko ìbọn lójú. Ohun tó yàtọ̀ ni pé ní 1968, kò sẹ́ni tí wọ́n lè bi.

Lẹ́yìn ìyẹn ni epo rọ̀bì gbalé. Wọ́n ti rí i ní Olóibírí láti 1956, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn ogun ni owó rẹ̀ tó ya bí omi. Ìjọba kò fi bẹ́ẹ̀ nílò owó àgbẹ̀ mọ́. Àwọn ìpínlẹ̀, tó ti di 36 báyìí, àti àwọn ìjọba ìbílẹ̀ 774 ń retí owó tí wọ́n ń pín lóṣooṣù l'Ábùjá. Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ìsinmi ló dé, torí agbowó-orí kò lé ẹnikẹ́ni wọ igbó mọ́. Ṣùgbọ́n ìjọba tí kò jẹun lọ́wọ́ aráàlú kò ní bẹ̀rù aráàlú. Àwa náà sì kọ́ láti máa wo owó ìjọba bí ohun tí kò ní baba, ẹni tó bá kó o, a ní ó rí ṣe. Lọ́dún 2023, àwọn tó forúkọ sílẹ̀ láti dìbò lé ní mílíọ̀nù 93; àwọn tó dìbò yan ààrẹ kò tó ìdá kan nínú mẹ́ta wọn.

Ní báyìí, epo kò gbé ẹrù náà mọ́, ìjọba sì ti yíjú padà sí àpò wa. Nínú òfin tuntun yìí, ẹni tí owó tó ń wọlé fún un kò ju 800,000 náírà lọ lọ́dún kò ní san owó-orí lórí rẹ̀. Ìyẹn dára, ó sì fi hàn pé ẹnì kan rántí tálákà. Wọn ò sì fi kún owó VAT tí à ń san lórí ọjà, ó ṣì wà ní ìdá méje ààbọ̀ nínú ọgọ́rùn-ún. Síbẹ̀, òfin tó dára jù lọ yóò kọsẹ̀ síbi tí ti Lugard ti kọsẹ̀ bí aráàlú bá san, tí kò sì gbúròó owó náà mọ́.

Ojú tí mo fi ń wo ọ̀rọ̀ yìí ni pé àsìkò yìí lè ṣe wá láǹfààní. Bí ìjọba bá tún nílò owó wa, a ti rí ohun tí a ó fi bá a sọ̀rọ̀. Ìwé òfin ọdún 1999, tí àwọn ológun gbé lé wa lọ́wọ́ láìbi wá, sọ ọ́ ní apá 14 pé ọ̀dọ̀ aráàlú ni agbára ìjọba ti wá. Ìwé kan náà sọ ní apá 24 pé ojúṣe ọmọ orílẹ̀-èdè ni láti sọ òótọ́ nípa owó tó ń wọlé fún un, kó sì san owó-orí rẹ̀ lásìkò. Àwọn olóṣèlú fẹ́ràn láti ka ìkejì sí wa létí. Àwa náà fẹ́ràn láti ka ìkíní sí wọn létí. Kò sí èyí tó lè dá dúró. Oníṣòwò ńlá tó fi ìwé èké pa èrè rẹ̀ mọ́, tó wá ń bú ìjọba pé kò sí ọ̀nà, ti sọ ẹ̀tọ́ ìbéèrè tirẹ̀ nù. Alága káńsù tó ń gba owó lọ́wọ́ aláta àti ọlọ́kadà, tí kò lè tọ́ka sí kànga kan tó gbẹ́, kò sàn ju olóyè oníwèé ayé òyìnbó lọ.

Ohun èlò ìbéèrè wà lọ́wọ́ wa ju ti àwọn ìyá Abẹ́òkúta lọ. Òfin ọdún 2011 fún gbogbo èèyàn láṣẹ láti kọ̀wé béèrè àkọsílẹ̀ lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ ìjọba, ọjọ́ méje ló sì fún wọn láti fèsì. Ní ọjọ́ 11 oṣù Keje, 2024, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ dájọ́ pé owó ìjọba ìbílẹ̀ gbọ́dọ̀ máa lọ sọ́wọ́ ìjọba ìbílẹ̀ tààrà, kí gómìnà má dá a dúró. Alága káńsù kò gbọdọ̀ rí gómìnà sá pamọ́ sí lẹ́yìn mọ́. Ẹni tó wà ládùúgbò wa ni, a mọ ilé rẹ̀.

Nítorí náà, kí ìpàdé àwọn onílé, ẹgbẹ́ ọlọ́jà àti ẹgbẹ́ àwọn ọ̀dọ́ fi ọ̀rọ̀ ètò ìsúná káńsù sínú ohun tí wọ́n ń jíròrò lóṣooṣù, bí wọ́n ti ń jíròrò ọlọ́dẹ àti iná mànàmáná. Ẹ yan èèyàn méjì tó mọ ìṣirò, ẹ kọ̀wé, ẹ béèrè iye tó wọlé, iye tó jáde àti ohun tí wọ́n fi ṣe. Ẹ gba rìsíìtì fún gbogbo owó tí ẹ bá san, ẹ sì kọ̀ fún ẹni tí kò bá ní rìsíìtì. Bí wọn ò bá dáhùn, ẹ kọ òmíràn, ẹ sọ ọ́ lórí rédíò, ẹ rántí rẹ̀ lọ́jọ́ ìdìbò. Ẹ̀yin tí ẹ wà nípò, ẹ má dúró kí wọ́n tó béèrè. Ẹ lẹ ìṣirò náà mọ́ ara ògiri káńsù níbi tí gbogbo èèyàn yóò ti rí i kà. Owó tí a bá san tí a sì béèrè rẹ̀ ni yóò sọ wá di ọmọ onílé nínú orílẹ̀-èdè yìí.