Ẹ̀jẹ̀ Yorùbá wà nínú máàpù náà: ta ni yóò kọ́ wa bí a ṣe ń kà á?

Ẹ̀yin ará wa ní Kétu, ní Ṣábẹ̀ẹ́, ní Pọ́bẹ̀, ní Àjàṣẹ́ títí dé Atakpamé,

Ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ la gbé wá lónìí. Àwọn onímọ̀ tó ń wádìí ohun tí ọmọ ń jogún lára òbí ní lẹ́tà mẹ́ta kan tí wọ́n mọ̀ bí ẹni mowó: YRI. Ohun tó dúró fún ni "Yorùbá ní Ìbàdàn". Àwọn èèyàn wa kan ni, tí wọ́n yọ̀ǹda ẹ̀jẹ̀ wọn kí wọ́n lè fi ya máàpù ara ọmọ aráyé. Wọ́n mọ̀ ọ́n ní Tokyo, wọ́n mọ̀ ọ́n ní London. Àwa tí a ń sọ èdè náà ńkọ́? Ẹni mélòó nínú wa ló gbọ́ ọ rí? Èrò wa ni pé ohun tí wọ́n fi ẹ̀jẹ̀ wa kọ, ó yẹ kí a lè kà á.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ ohun tí máàpù náà jẹ́. Nínú sẹ́ẹ̀lì ara wa, okùn tín-ín-rín 46 ló wà: 23 láti ọ̀dọ̀ bàbá, 23 láti ọ̀dọ̀ ìyá. Àwọn onímọ̀ ń pè wọ́n ní kirómósómù. Lẹ́tà mẹ́rin péré, A, C, G àti T, ni wọ́n fi kọ ohun tó wà lára okùn wọ̀nyí. Ohun tí a gbà lọ́wọ́ òbí kan ṣoṣo tó bílíọ̀nù mẹ́ta lẹ́tà. Gbólóhùn kan nínú rẹ̀, èyí tó ń sọ fún ara bí yóò ṣe ṣe nǹkan kan, òun ni jíìnì. Irú rẹ̀ tó nǹkan bí 20,000. Odindi ìwé náà ni wọ́n ń pè ní jẹnóòmù.

Báwo ni èèyàn ṣe ń ya máàpù ohun tí ojú kò rí? Ní 1913, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Alfred Sturtevant, tó ń kẹ́kọ̀ọ́ lọ́dọ̀ Thomas Hunt Morgan ní New York, tẹ àkọ́kọ́ irú rẹ̀ jáde. Jíìnì eṣinṣin kéékèèké tó máa ń bà lé ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti pọ́n jù ló yà. Kò fojú rí jíìnì kankan. Kíkà ló ń kà: àbùdá wo ló máa ń bá èwo rìn láti ara òbí dé ara ọmọ? Ẹ wò ó báyìí: bí ẹ bá rí obìnrin méjì tí wọ́n jọ máa ń wọ ọjà ní gbogbo ọjọ́ ọjà, ẹ ó mọ̀ pé ilé wọn kò jìnnà síra, bí ẹ kò tilẹ̀ dé ibẹ̀ rí. Bẹ́ẹ̀ náà ni jíìnì. Àwọn tó sún mọ́ra lórí okùn kì í sábà yà. Àwọn tó jìnnà síra máa ń pínyà lójú ọ̀nà. Nínú ìṣirò yìí ni máàpù ti jáde.

Lẹ́yìn náà, ní 1977, Frederick Sanger gbé ọ̀nà kan jáde tí a fi lè ka lẹ́tà wọ̀nyí ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ní 1990, iṣẹ́ kíka jẹnóòmù èèyàn bẹ̀rẹ̀. Ní 2003, wọ́n ní ó parí. Síbẹ̀, àwọn ojú ewé kan wà tí wọn kò rí kà títí di 2022.

Ìwé ti ara èèyàn kan kò bá ti ẹlòmíràn mu délẹ̀. Nínú ẹgbẹ̀rún lẹ́tà, nǹkan bí ọ̀kan ló máa ń yàtọ̀ láàárín ẹni méjì. Ọ̀kan yìí ló ṣe pàtàkì fún àwọn tó ń wá orísun àìsàn. Nítorí náà, ní 2002, àwọn onímọ̀ láti Amẹ́ríkà, Kánádà, Ṣáínà, Jàpáànì, Nàìjíríà àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì da iṣẹ́ pọ̀ láti ya máàpù ìyàtọ̀ wọ̀nyí. Wọ́n pè é ní HapMap. Ní Ìbàdàn, wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ ìdílé 30: bàbá, ìyá àti ọmọ kan tó ti dàgbà, èèyàn 90 lápapọ̀. Máàpù náà jáde ní 2005. Ní 2008, wọ́n ka odindi jẹnóòmù ọkùnrin kan nínú àwọn ará Ìbàdàn yìí. Kò sí orúkọ rẹ̀ níbẹ̀, nọ́ńbà ni wọ́n fi ń pè é.

Ẹ̀yin ará, ibi tí ọ̀rọ̀ ti kàn wá gbọ̀ngbọ̀n nìyí. Àwọn tó ṣe iṣẹ́ náà fúnra wọn kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má kàn pè é ní "Yorùbá", kí wọ́n máa fi "ní Ìbàdàn" kún un. Òótọ́ ni wọ́n sọ. Ará Ìbàdàn kò lè dúró fún ará Kétu tàbí ará Ṣábẹ̀ẹ́. Nígbà tí iṣẹ́ tó tẹ̀ lé e, tó ka jẹnóòmù èèyàn 2,504 láti ẹ̀yà 26, parí ní 2015, kò sí ẹ̀yà kan tí wọ́n mú láti Bénin tàbí Tógò níbẹ̀. Orúkọ ìran wa wà nínú ìwé, ìlú tiwa kò sí níbẹ̀.

Orúkọ ilẹ̀ wa sì tún wà níbòmíràn, níbi tó ń dunni. Ẹ mọ àìsàn tí a ń pè ní fòníkú-fọ̀la-dìde, tí àwọn dókítà wa ń pè ní drépanocytose. Orí okùn kọkànlá ni jíìnì rẹ̀ wà. Lẹ́tà kan ṣoṣo ló yí padà: ibi tó yẹ kí A wà, T ló jókòó síbẹ̀. Lẹ́tà kan yìí ló ń mú kí ẹ̀jẹ̀ tó yẹ kó rí roboto tẹ̀ kọ́rọkọ̀rọ bíi dòjé, kó dí ojú ọ̀nà, kí egungun ọmọ máa ro ó lóru. Ẹni tó gbà á lọ́dọ̀ òbí kan péré, AS, kì í sábà ṣàìsàn, ibà ẹ̀fọn líle kì í sì í tètè pa á. Ìdí nìyí tó fi pọ̀ tó báyìí lọ́dọ̀ wa.

Ní 1984, àwọn olùwádìí wo àwọn lẹ́tà tó yí jíìnì yìí ká, wọ́n sì rí i pé kò rí bákan náà níbi gbogbo ní Áfíríkà. Wọ́n sọ irú kan ní Sénégal, òmíràn ní Bantu, èyí tó wà lọ́dọ̀ wa ni wọ́n sọ ní Bénin. Irú ti Bénin yìí kan náà ni wọ́n ń rí lára àwọn èèyàn ní Jàmáíkà, ní Amẹ́ríkà, ní Bahia ní Brazil. Ohun tí ìwé oko ẹrú kò kọ tán, ẹ̀jẹ̀ kọ ọ́.

Ní oṣù Kejìlá 2023, Amẹ́ríkà fọwọ́ sí ìtọ́jú kan tí wọ́n ń pè ní Casgevy. Wọ́n á kó sẹ́ẹ̀lì aláìsàn jáde, wọ́n á gé ibì kan pàtó nínú jẹnóòmù rẹ̀, wọ́n á dá a padà sí i lára. Máàpù ló fi ibi tí wọ́n máa gé hàn wọ́n. Iye rẹ̀ fún ẹnì kan ni mílíọ̀nù 2.2 dọ́là, ní owó tiwa, ó lé ní bílíọ̀nù kan CFA. Àwa la ni orúkọ, àwọn mìíràn ló ni oògùn. A kò sọ èyí láti bú ẹnikẹ́ni. A sọ ọ́ kí a lè mọ ohun tó kù sí wa lọ́wọ́, torí pé ó pọ̀.

Èkíní, àyẹ̀wò. Électrophorèse kò dà bíi Casgevy, apá púpọ̀ nínú wa ká a. Ẹ má jẹ́ kó di ọ̀sẹ̀ tí wọ́n ti ra aṣọ ẹbí tán. Kí ọmọ mọ tirẹ̀ kó tó máa wá àfẹ́sọ́nà. Bí AS bá fẹ́ AS, oyún kọ̀ọ̀kan ní ìdá kan nínú mẹ́rin láti jẹ́ SS. Kì í ṣe pé bí ọmọ kan bá ti ní in, mẹ́ta tó kù ti bọ́. Oyún kọ̀ọ̀kan ló ń ta ayò tirẹ̀. Ẹ má sì gbàgbé C: bí S bá pàdé C, àìsàn náà ni. Ẹlòmíràn á ní orí ló ń yan ọkọ. A kò bá orí jà. Ṣùgbọ́n orí náà ló fún wa lójú tí a fi ń wo ọ̀nà. Ìyá mélòó ni wọ́n ti pè ní ìyá àbíkú láyé àtijọ́, tó jẹ́ pé lẹ́tà kan ló ń pa ọmọ rẹ̀? A kò sọ pé gbogbo àbíkú ni, ṣùgbọ́n ó dá wa lójú pé ọ̀pọ̀ wà níbẹ̀.

Èkejì, èdè. Àwa olùkọ́ ń rí ọmọ tó lè to "chromosome" àti "allèle" lẹ́sẹẹsẹ fún ìdánwò bac, tí kò lè ṣàlàyé fún ìyá rẹ̀ ìdí tí àbúrò rẹ̀ fi ń ṣàìsàn. Ẹ̀kọ́ tí kò dé ilé ìdáná kò tíì dé ilé.

Ẹ̀kẹta, ìbéèrè. Bí olùwádìí bá wá gba ẹ̀jẹ̀ ní ìlú yín, ẹ gbà á tọwọ́tẹsẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ bi í: kí lẹ ń wá? Ibo lẹ máa tọ́jú rẹ̀ sí? Àwọn wo ló tún máa lò ó? Kí ló máa padà sọ́dọ̀ wa? Sẹ́ẹ̀lì àwọn ará Ìbàdàn wà ní ilé ìpamọ́ kan ní New Jersey, àwọn onímọ̀ káàkiri ayé sì ń lò ó. Kí wọ́n tó gba ẹ̀jẹ̀ wọn, wọ́n bá aráàlú jókòó, wọ́n sọ̀rọ̀. Ìlú tiwa náà yẹ fún irú ìjókòó bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ 19 oṣù Kẹfà ni gbogbo ayé fi ń rántí àwọn tó ní drépanocytose. Kó tó dé, ẹ bá wa kọ orúkọ tí wọ́n ń pe àìsàn yìí ní ìlú yín síhìn-ín, bí àwọn àgbà ṣe ń pè é gan-an, àti ọ̀rọ̀ tí ẹ rò pé ó bá "jíìnì" mu. A fẹ́ fi kọ ẹ̀kọ́ ojú ewé méjì tí olùkọ́ èyíkéyìí lè kà fún àwọn òbí ní èdè wa.