Ta Ló Ní Káfíńtà Ò Lè Darí Fíìmù?

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, ẹ má bínú o, ọ̀rọ̀ yìí ń dùn mí.

Níjọ́ tí a jókòó láti yan ẹni tí yóò darí fíìmù kékeré tí a fẹ́ yà, ọ̀rẹ́ wa kan nawọ́. Gbogbo wa la mọ̀ ọ́n. Òun ló ṣa pákó àlòkù àti apẹ̀rẹ̀ tòmátì ní Mile 12, tó fi kan ààfin fún eré wa tó kọjá. Òun ló po ọ̀dà, òun ló rán aṣọ ọba. Àwa kàn dé, a sọ ọ̀rọ̀ tí a há sórí, a gba àtẹ́wọ́. Kí lẹnìkan wá sọ? "Káfíńtà kọ́ ló ń darí eré." Ẹ bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, ojú sì ń tì mí báyìí.

Ẹ wo James Cameron, tó darí Titanic (1997), fíìmù tí àwọn ẹ̀gbọ́n wa ní Kétu wò títí kásẹ́ẹ̀tì fi gbó. Ọkọ̀ ẹrù ló ń wà tẹ́lẹ̀, bíi ti àwọn tó ń já àlùbọ́sà ní Mile 12. Nígbà tó wọ iṣẹ́ fíìmù, ọkọ̀ òfuurufú kéékèèké ló ń kàn, ó sì ń ṣètò ìran fún Battle Beyond the Stars (1980). Nígbà tó di 1984, ó ti darí The Terminator.

Ẹ ó ní òyìnbó nìyẹn. Ó dáa, ẹ jẹ́ ká lọ Ìbàdàn. Ní 1963, tí Kọ́lá Ògúnmọ́lá gbé ìtàn Ọ̀mu tí Tutùọlá kọ sórí ìtàgé Yunifásítì, Demas Nwoko ló ṣètò ìran àti aṣọ. Ayàwòrán ni, ó ti kọ́ iṣẹ́ ìtàgé ní Paris. Kò fara pamọ́ sẹ́yìn aṣọ ìkélé: ó darí eré fúnra rẹ̀, ó kọ́ ilé, wọ́n sì fún un ní Golden Lion ní Venice ní 2023.

Ẹ ní ọ̀rẹ́ wa ò mọ bí wọ́n ṣe ń bá òṣèré sọ̀rọ̀. Òótọ́ ni, kì í pariwo. Ṣé ariwo niṣẹ́ ọ̀hún ni? Ìyẹn á kọ́ ọ. Ẹni tó kan ilẹ̀kùn ló mọ ibi tí òṣèré máa gbà wọlé. Ó mọ iye ìṣó, ó sì ti rí ààfin kí pákó tó dé. Ta nínú wa ló rí i?

Ọ̀bẹ kì í mú kó gbẹ́ èèkù ara rẹ̀, ìdí nìyí tí mo fi ń bá a sọ ọ́. Ní ìpàdé tó ń bọ̀, èmi á nawọ́ fún un. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín, kó kọ́kọ́ mú òòlù.