Kí Ọmọ Yín Tó Lọ Sùn Nínú Igbó: Ẹ Béèrè, Kí Ẹ Sì Sọ

Ọ̀rọ̀ tí mo mú wá ní ọ̀sẹ̀ yìí kan gbogbo ilé tí ó bá ní ọmọ tí ó ti tó rìnrìn àjò fúnra rẹ̀, pàápàá ẹ̀yin tí ọmọ yín ń kàwé ní Yunifásítì Ọlábísí Ọnábánjọ ní Àgọ́-Ìwòyè. Àwọn ọ̀dọ́ wa a máa dá owó jọ, wọn a wá atọ́nà kan, wọn a gbé àpò kọ́ ẹ̀yìn, wọn a fi ẹsẹ̀ rin inú igbó, wọn a wa ọkọ̀ kékeré lórí ọ̀sà, wọn a sì sùn mọ́jú kí wọ́n tó padà wálé. Ọkọ̀ tí mo ń sọ yìí ni àwọn òyìnbó ń pè ní kayak. Ó tẹ́ẹ́rẹ́, ó fúyẹ́, ènìyàn kan tàbí méjì ni ó ń gbà, àjẹ̀ ni a sì fi ń wà á.

Àwọn òbí kan ti bi mí pé: "Nọ́ọ̀sì, ṣé nǹkan gidi ni èyí? Ọdẹ nìkan ni a mọ̀ tí ń sùn nínú igbó." Èsì mi ni pé kí wọ́n má ṣe dí ọmọ wọn lọ́wọ́. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé ó yẹ kí àgbàlagbà máa lo ara rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 150, ó kéré tán, láàárín ọ̀sẹ̀ kan, nítorí pé rírìn a máa ran ọkàn lọ́wọ́, a sì máa dín ewu ẹ̀jẹ̀ ríru àti àtọ̀gbẹ kù. Ọ̀pọ̀ nínú wa tí ń gbé ìgboro kì í rìn ju láti ẹnu ọ̀nà ilé dé ìdí ọ̀kadà lọ.

Ilẹ̀ wa náà sì dára ní wíwò. Láti 1925 ni ìjọba ti fi òfin de igbó tí à ń pè ní Igbó Ọba Omo ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú. Ní 1946, wọ́n ya apá kan nínú rẹ̀ sọ́tọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe gé igi níbẹ̀. Ní 1977, àjọ UNESCO kà á mọ́ àwọn igbó tí gbogbo ayé gbọ́dọ̀ tọ́jú. Ó fẹ̀ tó hẹ́kítà 130,500, erin sì ṣì wà nínú rẹ̀ ní ìhà J4. Bí a bá lọ sí ìhà gúúsù, sí Ògùn Waterside, a ó dé Ìwòpin àti Makun-Omi níbi tí ọ̀sà Lẹ́kí tẹ́ lọ bẹẹrẹ. Kò yẹ kí ọmọ Ìjẹ̀bú gbọ́ ìròyìn igbó àti ọ̀sà yìí lẹ́nu àlejò.

Ṣùgbọ́n ohun kan ni kí ẹ fi sọ́kàn: kò sí dìsípẹ́ńsárì nínú igbó. Bí ara ọmọ bá gbóná ní Ìjẹ̀bú-Igbó ní òru, ẹ ó wá mọ́tò, ẹ ó sì gbé e dé ilé ìwòsàn. Bí ó bá jẹ́ inú igbó J4 ni, tàbí erékùṣù kan lórí ọ̀sà, wákàtí púpọ̀ lè kọjá kí ó tó rí ẹni tí ó ní abẹ́rẹ́ lọ́wọ́. Láàárín wákàtí wọ̀nyẹn, atọ́nà ni dókítà, òun náà ni nọ́ọ̀sì. Ohun tí ó bá sì gbé dání, àti ohun tí ẹ bá ti sọ fún un, ni yóò fi ṣe ìtọ́jú. Nítorí náà ni mo ṣe ń sọ pé iṣẹ́ méjì ni ó wà fún òbí kí owó tó kúrò lọ́wọ́: kí ó béèrè, kí ó sì sọ.

Ohun tí ẹ ó kọ́kọ́ béèrè ni ẹ̀wù ìléfòó, èyí tí àwọn ọlọ́kọ̀ ń pè ní láìfù jákẹ́ẹ̀tì. Ṣé ti olúkúlùkù wà? Ṣé ó bá a lára mu? Ṣé wọn yóò dè é mọ́ra láti èbúté dé èbúté, tàbí wọn yóò fi ṣe ìjókòó? Àwọn kan a máa sọ pé àwọn baba wa tí ń gbé etí omi kò wọ irú ẹ̀wù bẹ́ẹ̀ rí. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n láti kékeré ni ọmọ etí omi ti ń lúwẹ̀ẹ́, nígbà tí ọmọ tiwa jẹ́ pé inú báàfù nìkan ni ó ti mọ omi. Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣírò rẹ̀ pé ní ọdún 2021 nìkan, nǹkan bí 300,000 ènìyàn ni ó bá omi lọ ní gbogbo ayé. Gbogbo wa ni a sì gbọ́ ti òṣèré Junior Pope, ẹni tí ìjàm̀bá ọkọ̀ ojú omi pa nínú odò Ọya ní Ìpínlẹ̀ Anambra, ní ọjọ́ 10 oṣù kẹrin ọdún 2024, òun àti àwọn mìíràn tí wọ́n jọ ń ti ibi iṣẹ́ bọ̀.

Ẹ tún béèrè bóyá atọ́nà yóò kọ́kọ́ kọ́ wọn ní etí omi, níbi tí omi kò ti jìn, bí a ṣe ń jáde nínú kayak tí ó bá dojú dé, nítorí pé kò ṣòro fún un láti yí. Ẹ béèrè pé kí ni yóò ṣe bí òjò bá ṣú tí àrá sì ń sán. Èsì kan ṣoṣo ni ó dára: kí gbogbo wọn gúnlẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Bí ó bá sì sọ pé wọn yóò wa ọkọ̀ ní òru kí wọ́n lè tètè dé, ẹ mú ọmọ yín padà sílé.

Ẹ béèrè bóyá ó mọ ohun tí a ń ṣe fún ẹni tí omi gbé. A kì í fi ẹsẹ̀ rẹ̀ kọ́ sókè, a kì í sì tẹ ikùn rẹ̀ kí omi lè jáde. Àsìkò ni ìyẹn ń fi ṣòfò. Bí kò bá mí mọ́, a ó tẹ́ ẹ ní ẹ̀yìn lélẹ̀, a ó gbé àgbọ̀n rẹ̀ sókè díẹ̀, a ó dí imú rẹ̀, a ó kọ́kọ́ fẹ́ atẹ́gùn sí i lẹ́nu, lẹ́yìn náà a ó máa tẹ àárín àyà rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́wàá lọ́nà mẹ́ta, a ó tún fẹ́ atẹ́gùn lẹ́ẹ̀mejì, a kò sì ní dáwọ́ dúró títí ìrànlọ́wọ́ yóò fi dé. Kíkọ́ ni mímọ̀ iṣẹ́ yìí, kì í ṣe ohun tí a ń kà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo nínú ìwé ìròyìn.

Ní ìlú òtútù bíi Kánádà àti Norway, òtútù omi wà lára ohun tí atọ́nà ń bẹ̀rù jù. Lọ́dọ̀ tiwa, ejò àti ẹ̀fọn ni kí ó máa rò. Ẹ béèrè pé bí ọká tàbí paramọ́lẹ̀ bá bu ọmọ jẹ, kí ni yóò ṣe? Bí ó bá ní òun yóò fi abẹ fín in, tàbí òun yóò fi ẹnu fa oró náà, tàbí òun yóò fi okùn dè é pinpin, kò mọ iṣẹ́ rẹ̀. Okùn tí ó le a máa ba ẹsẹ̀ jẹ́, ó sì lè di ẹsẹ̀ tí a ó gé. Ohun tí ó tọ́ ni kí ọmọ náà jókòó jẹ́ẹ́, kí a fi igi di ẹsẹ̀ náà bí ẹni pé egungun rẹ̀ ṣẹ́, kí ó má fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn mọ́, kí a sì gbé e lọ sí ilé ìwòsàn tí ó ní oògùn oró ejò. Kí wọ́n tó gbéra ni kí atọ́nà ti wádìí ilé ìwòsàn tí oògùn náà wà. Kì í ṣe gbogbo ilé ìwòsàn ni ó ń ní in.

Ìbéèrè tí ó kù kò pọ̀. Ṣé ó ti gba àṣẹ lọ́wọ́ àwọn ìjọba tí ń ṣọ́ igbó, tí ẹ̀ṣọ́ igbó yóò sì bá wọn lọ, nítorí erin kì í ṣe ẹran tí à ń súnmọ́ yà ní fọ́tò? Ṣé mọ́tò yóò dúró dè wọ́n ní tòsí? Fóònù kì í gbọ́ ohùn ní gbogbo ibi nínú igbó, nítorí náà ta ni ó mọ ọ̀nà tí wọ́n gbà àti wákàtí tí ó yẹ kí wọ́n padà?

Mo dé orí èyí tí ó ṣòro fún wa jù, èyíinì ni sísọ. Ìyá kan wá bá mi ní dìsípẹ́ńsárì. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin fẹ́ bá ẹgbẹ́ lọ, atọ́nà sì ti ní kí olúkúlùkù kọ irú àìsàn tí ó ń ṣe é sínú ìwé. Ó ní: "Ẹ jọ̀ọ́, Nọ́ọ̀sì, ẹ bá mi kún un, ṣùgbọ́n ẹ má kọ wárápá sí i. Gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ á gbọ́, wọn ò sì ní bá a jẹun mọ́."

Mo ní: "Màmá, ẹ fi ara balẹ̀. Bí ó bá gbé e lórí ilẹ̀, yóò ṣubú, wọn yóò sì dúró tì í títí yóò fi jí. Bí ó bá gbé e nínú ọkọ̀, tí atọ́nà kò sì mọ̀, ta ni yóò gbé orí rẹ̀ sókè nínú omi?"

Ó kọ́kọ́ bínú sí mi, lẹ́yìn náà ó sunkún. Ìgbà tí ó ṣe, ó gbà kí a pe atọ́nà náà lórí fóònù, àwa mẹ́ta péré. Wọ́n fi ẹnu kò pé ọmọ náà yóò rin igbó bí àwọn yòókù, yóò máa lo oògùn rẹ̀ ní wákàtí rẹ̀, ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn tókù bá wọ kayak, òun yóò dúró ti alásè ní èbúté. Ó lọ, ó sì bọ̀. Àṣírí rẹ̀ kò tú, ìrìn àjò rẹ̀ kò sì bàjẹ́. Kí ẹ sì mọ̀ dájú pé wárápá kì í ranni, bíbá ẹni tí ó ní in jẹun kò léwu rárá.

Kì í ṣe wárápá nìkan. Ọmọ tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ jẹ́ SS lè lọ bí dókítà rẹ̀ bá gbà, ṣùgbọ́n òùngbẹ, òjò àti àárẹ̀ lè mú kí ìrora dé sí i, nítorí náà kí atọ́nà mọ̀, kí ó jẹ́ kí ó máa sinmi, kí ó sì máa mu omi dáadáa. Ẹni tí ikọ́ fée ń ṣe gbọdọ̀ mú oògùn fífà símú rẹ̀ sínú àpò tí ọwọ́ lè tètè tó. Ẹni tí ara rẹ̀ kọ ẹ̀pà tàbí oró oyin, kí ó sọ. Ọmọbìnrin tí ó lóyún, kí ó sọ pẹ̀lú. Ẹ fi sọ́kàn pé atọ́nà kò lè ṣọ́ ohun tí kò mọ̀.

Ní ti ẹrù, kí ọmọ mú àwọ̀n ẹ̀fọn, ẹ̀wù alápá gígùn, ṣòkòtò gígùn, bàtà tí ó bo ọrùn ẹsẹ̀ àti iná tọ́ọ̀ṣì, nítorí alẹ́ ni ẹ̀fọn tí ń gbé ibà kiri ń jẹni. Kí wọ́n bọ omi mímu kí ó hó dáadáa. Bí ìgbẹ́ gbuuru bá bẹ̀rẹ̀ tí kò sì sí oògùn olómi iyọ̀ láti ọ̀dọ̀ wa, ẹ po ṣúgà ṣíbí tíì 6 àti iyọ̀ ìdajì ṣíbí tíì kan sínú omi lítà kan. Kí orí ṣíbí náà tẹ́jú, kí ó má kún rékọjá.

Bí wọ́n bá sì ti dé, iṣẹ́ kò tíì parí. Ibà kì í sábà fi ara hàn ṣáájú ọjọ́ 7 lẹ́yìn tí ẹ̀fọn bá jẹni, ó sì lè pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ara tí ó gbóná ní ọ̀sẹ̀ kejì, ẹ má pè é ní àárẹ̀ ọ̀nà. Ẹ mú un wá kí a yẹ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wò. Ẹni tí ó bá wẹ̀ nínú omi odò tí ó sì rí ẹ̀jẹ̀ nínú ìtọ̀ rẹ̀ lẹ́yìn oṣù mélòó kan, kí ó wá pẹ̀lú, nítorí àtọ̀sí ajá wà ní Ìpínlẹ̀ Ògùn, oògùn rẹ̀ sì wà.

Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò sọ pé ohun tí mo ń béèrè yìí yóò mú kí owó ìrìn àjò ga. Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ jẹ́ kí ó ga. Ẹ̀wù ìléfòó mẹ́wàá kò wọ́n tó ìsìnkú ọmọ kan. Ní èrò tèmi, ó yẹ kí ìjọba ìbílẹ̀ Àríwá Ìjẹ̀bú, Ìlà-Oòrùn Ìjẹ̀bú àti Ògùn Waterside ní ìwé tí wọ́n ń kọ orúkọ àwọn atọ́nà sí, kí wọ́n má sì kọ orúkọ ẹnikẹ́ni tí kò bá ní ìwé ẹ̀rí pé òun ti kọ́ ìtọ́jú pàjáwìrì. Títí ìyẹn yóò fi ṣẹ, ẹ̀yin òbí ni ìjọba. Atọ́nà tí ó bá mọ iṣẹ́ rẹ̀ yóò dúpẹ́ pé ẹ béèrè, èyí tí ó bá sì bínú ti dá yín lóhùn.

Abèèrè kì í ṣìnà. Kí àwọn ọmọ wa lọ ire, kí wọ́n sì bọ̀ ire. Ó di ọ̀sẹ̀ tí ń bọ̀.