Owó Iná Àfojúdá

Ẹ̀yin jórinjórin Ìlaròó, ẹ̀yin ẹlẹ́rọ ìlọta Ayétòrò, mo ní ọ̀rọ̀ bá yín sọ. Bí ẹlẹ́rù gàrí bá wo àpò lókèèrè, tí ó ní kóńgò ogójì ni, ẹ óò ní kí ó wọ̀n ọ́n. Èéṣe tí ẹ fi ń san owó iná àfojúdá láìbéèrè?

Mo gbà pé ẹni tó lo iná ni yóò sanwó rẹ̀. Ṣùgbọ́n ní Fẹ́búárì 2024, àjọ NERC bu ìtanràn ₦10.5 bílíọ̀nù lé ilé-iṣẹ́ apíniná 11, nítorí owó tí wọ́n bù fún àwọn tí kò ní mítà ní 2023 kọjá ààlà.

Ẹ ó ní: “Bí a kò bá san án, wọn a gé iná, ẹja inú yìnyín a jẹrà.” Ìbẹ̀rù yìí gan-an ni àfojúdá ń jẹ! NERC ti là á sílẹ̀ pé ẹni tí kò ní mítà, tí ó sì ń jiyàn iye tí wọ́n bù fún un, iye ìkẹyìn tí kò ní àríyànjiyàn nínú ni kí ó san títí ọ̀rọ̀ yóò fi yanjú.

Nítorí náà, ẹ fi ìwé pe ẹ̀sùn. Ẹ tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀. Ẹ pé jọ kọ ọ́: ọwọ́ kan kò gbẹ́rù dórí.