Ilẹ̀ Wọn Ni Wọ́n Ń Tà, Oníbàárà Ló Di Òṣùwọ̀n Mú

Ìyálọ́jà wo ni oníbàárà máa wọ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, tó máa gba kóńgò lọ́wọ́ rẹ̀, tó máa fúnra rẹ̀ bu ìrẹsì, tó máa fúnra rẹ̀ dá iye tó fẹ́ san, tí ìyá náà á tún sọ pé ẹ ṣeun? Kò sí! Bí irú ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ lọ́jà, gèlè á tú, gbogbo ìsọ̀ á pé lé wọn lórí. Ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n ṣe fún odindi orílẹ̀-èdè kan nìyẹn, fún bí ọgọ́ta ọdún.

Nauru lorúkọ rẹ̀. Erékùṣù kékeré ni, àárín òkun Pàsífíìkì ló wà. Bí èèyàn bá gbéra láàárọ̀ kùtù, tó ń rìn létí òkun, kó tó di ọ̀sán gangan á ti yí gbogbo rẹ̀ po. Ẹja àti àgbọn ni wọ́n fi ń jẹun látijọ́, wọn ò yá owó lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Ìbọn ló kọ́kọ́ dà wọ́n rú. Àwọn atukọ̀ òyìnbó ló ń tà á fún wọn, làwọn ọmọ ìyá bá dojú ìbọn kọra wọn. Láti 1878 di 1888 ni ogun fi jà wọ́n. Ọdún 1888 yẹn ni Jámánì dé, ó gba ìbọn, ó sì gba ilẹ̀ mọ́ ọn.

Ní 1899, ní ìlú Sydney ní Ọsirélíà, òkúta kan wà ní ọ́fíìsì kan tí wọ́n fi ń dá ilẹ̀kùn dúró kó má baà pa dé. Nauru ni wọ́n ti gbé e wá. Ọ̀gbẹ́ni Albert Ellis wò ó títí, ó yẹ̀ ẹ́ wò dáadáa, ó rí i pé fọ́sífétì ni, òkúta tí wọ́n ń lọ̀ ṣe ajílẹ̀. Wọ́n ní ìgbẹ́ ẹyẹ ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún ló di òkúta. Ilẹ̀ oko Ọsirélíà àti ti New Zealand ti gbó, irú ajílẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni wọ́n sì ń wá lójú méjèèjì.

Nígbà tó fi máa di 1907, ilé-iṣẹ́ Gẹ̀ẹ́sì ti ń wa òkúta yìí, wọ́n ń kó o sínú ọkọ̀ ojú omi. Èló ni wọ́n ń fún onílẹ̀? Ẹ́ẹ́pìnnì kan, ààbọ̀ kọ́bọ̀, lórí tọ́ọ̀nù kan! Tọ́ọ̀nù kan o, ìyẹn bí ogún àpò sìmẹ́ǹtì.

Nígbà tí ogun àgbáyé bẹ́ ní 1914, àwọn sójà Ọsirélíà gba Nauru lọ́wọ́ Jámánì. Ní 1919, ìjọba mẹ́ta, Gẹ̀ẹ́sì, Ọsirélíà àti New Zealand, jọ tọwọ́ bọ̀wé pé àwọn làwọn ni òkúta náà. Lẹ́yìn ìyẹn ni àjọ àwọn orílẹ̀-èdè fi erékùṣù náà lé wọn lọ́wọ́, pé kí wọ́n máa tọ́jú rẹ̀ bí alágbàtọ́ ṣe ń tọ́jú ọmọ.

Alágbàtọ́ kẹ̀! Ìjọba wọn ló ń pàṣẹ nílùú, ilé-iṣẹ́ wọn ló ń wa òkúta, àgbẹ̀ wọn ló ń rà á. Wọ́n ń tà á fún àwọn àgbẹ̀ tiwọn ní iye tó ná wọn láti wà á, láìfi èrè lé e, owó yẹn ò sì tó iye tí wọ́n ń tà á lọ́jà àgbáyé. Ẹni tó ń rà náà ló ń wọ̀n ọ́n, òun náà ló ń dá iye. Èrè tó yẹ kó bọ́ sápò ará Nauru, oko òyìnbó ló ń sanra sí i.

Ìdààmú mìíràn tún ni pé àwọn èèyàn náà ò pọ̀. Àjàkálẹ̀ àrùn ti gbé ọ̀pọ̀ lọ, wọ́n wá gbà pé bí àwọn ò bá pé 1,500, ìran àwọn lè pa rẹ́. Ní ọjọ́ 26, oṣù kẹwàá, 1932, wọ́n bí ọmọbìnrin kan, iye wọn bá pé 1,500. Ìlú jó, ìlú yọ̀. Wọ́n pe ọjọ́ náà ní Angam, bí ìgbà téèyàn bá sọ pé a ti dé ilé.

Ayọ̀ náà ò pẹ́. Jàpáàn gba Nauru ní 1942. Ní 1943 wọ́n kó bí 1,200 ọmọ ìlú náà lọ sí erékùṣù Truk láti lọ ṣe làálàá. Ebi àti àìsàn pa wọ́n bí ẹran. Nígbà tí ọkọ̀ kó wọn padà délé ní ọjọ́ 31, oṣù kìíní, 1946, àwọn 737 péré ló kù.

Àwọn alágbàtọ́ náà padà dé, wọ́n tún gbé ṣọ́bìrì. Ibi tí wọ́n bá sì ti wa òkúta kúrò, òkúta ṣóńṣó ló ń kù níbẹ̀, kò ṣeé kọ́lé sí, kò ṣeé dáko sí. Ọsirélíà wá ní kí gbogbo wọn kó lọ sí erékùṣù Curtis, lẹ́bàá Queensland. Ní 1964 wọ́n kọ̀ jálẹ̀. Hammer DeRoburt ló ṣáájú wọn. Wọn ò fẹ́ di ará Ọsirélíà, wọ́n fẹ́ máa jẹ́ Nauru.

Ní ọjọ́ 31, oṣù kìíní, 1968, wọ́n gba òmìnira. Àwọn fúnra wọn ló mú ọjọ́ náà, torí òun ni àyájọ́ ọjọ́ tí àwọn tó kù dé láti Truk. Wọ́n san mílíọ̀nù 21 dọ́là Ọsirélíà kí iṣẹ́ òkúta náà tó di tiwọn ní 1970. Ẹ gbọ́ o, owó ni wọ́n fi ra ohun tó wà lábẹ́ ẹsẹ̀ wọn!

Òṣùwọ̀n wá bọ́ sọ́wọ́ onílẹ̀, owó sì dé bí òjò. Láàárín ọdún díẹ̀ wọ́n wà lára àwọn tó lówó jù láyé. Kò sí owó orí, ìwòsàn ọ̀fẹ́, ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́. Wọ́n ra ọkọ̀ òfuurufú, wọ́n kọ́ ilé alájà 52 sí Melbourne, wọ́n parí rẹ̀ ní 1977. Àwọn ará ibẹ̀ ń fi wọ́n ṣẹ̀sín, wọ́n ń pè é ní ilé gogoro ìgbẹ́ ẹyẹ.

Ṣùgbọ́n ta ló ń ṣọ́ owó? Àwọn agbaninímọ̀ràn àjèjì yí wọn ká, olúkúlùkù pẹ̀lú òwò tirẹ̀. Ní 1993 owó Nauru ni wọ́n fi gbé eré orí ìtàgé kan kalẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù nípa Leonardo, ayàwòrán ilẹ̀ Ítálì. Kò pé oṣù méjì tó fi kógbá sílé. Ọdún 1993 yẹn náà ni Ọsirélíà, tí Nauru ti pè lẹ́jọ́ ní Ilé Ẹjọ́ Àgbáyé láti 1989 nítorí ilẹ̀ tó bàjẹ́, gbà láti san mílíọ̀nù 107 dọ́là. Owó yẹn náà ò gbà wọ́n. Òkúta ń tán lọ, gbèsè ń ga. Wọ́n ta ilé Melbourne ní 2004. Ní ìparí 2005, olówó wá gbé ọkọ̀ òfuurufú kan ṣoṣo tó kù fún wọn lọ.

Kí ló kù tí wọ́n lè tà? Láti 2001, Ọsirélíà ti bẹ̀rẹ̀ sí sanwó fún Nauru kó lè máa kó àwọn àjèjì tó ń wá ibi ìsádi lọ síbẹ̀. Alágbàtọ́ àná ló tún wá gba ilẹ̀ tí wọ́n ti wa nǹkan inú rẹ̀ tán yìí lò.

Ẹ̀yin ìyá wa, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́, òmìnira ni kí òṣùwọ̀n wà lọ́wọ́ ọlọ́jà. Ẹni tó bá sì ti gba òṣùwọ̀n rẹ̀ padà, kó má gbé àpò owó fún ẹlòmíràn bá a kà. Ojú lalákàn fi ń ṣọ́rí. Ní 2015 ni Nauru tó dá àpò ìfowópamọ́ kan sílẹ̀ fún àwọn ọmọ tó ń bọ̀, èyí tí ẹnì kan ò lè dá tọwọ́ bọ̀. Ó pẹ́ kí wọ́n tó ṣe é, àmọ́ wọ́n ṣe é. Àwọn èèyàn tó ń bẹ̀rù nígbà kan pé àwọn ò ní pé 1,500, wọ́n ti lé ní 10,000 báyìí, wọn ò sì yéé ṣọdún Angam.