BÍ WỌ́N BÁ PÈ Ọ́ LẸ́JỌ́ GBÈSÈ, MÁ ṢE DÁKẸ́

Ọ̀rọ̀ ọ̀sẹ̀ yìí kan gbogbo ẹni tí ń tà tàbí tí ń rà láwìn.

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní a-gbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Òtítọ́ ni. Ṣùgbọ́n bí ilé ẹjọ́ bá fi ìwé pe ẹnì kejì tí kò dáhùn ńkọ́?

Ẹ jẹ́ kí á wí pé Lágbájá kó àpò sìmẹ́ńtì 2,000 fún Tàmẹ̀dò láwìn, owó rẹ̀ jẹ́ ₦20,000,000. Tàmẹ̀dò fọwọ́ sí ìwé pé òun yóò san án ní oṣù mẹ́ta. Ọdún yípo, owó kò dé. Ní Èkó, òfin ìlànà ilé ẹjọ́ gíga ti ọdún 2019 gba Lágbájá láyè, bí ó bá gbàgbọ́ pé Tàmẹ̀dò kò ní àwíjàre, láti bẹ adájọ́ pé kí ó dá ẹjọ́ náà kíákíá láìpe ẹlẹ́rìí. Yóò kó ìwé ìbúra àti ìwé àdéhùn wọn sílẹ̀. Ní ọdún 1984, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà là á yé wa pé ẹjọ́ tí kò fẹ́rẹ̀ẹ́ ní àríyànjiyàn nínú ni ọ̀nà yìí wà fún.

Kí ni Tàmẹ̀dò yóò ṣe? Bí ó bá ní òun kò jẹ ẹ́, tí ó sì dákẹ́ síbẹ̀, òfo ni. Ó gbọ́dọ̀ la ọ̀rọ̀ sílẹ̀: àpò mélòó ni kò dára, ọjọ́ wo ni òun kọ lẹ́tà sí Lágbájá, risíìtì wo ló wà lọ́wọ́ òun. Adájọ́ kò tíì ní wò ó bóyá Tàmẹ̀dò yóò borí. Ohun tí yóò wò ni bóyá ọ̀rọ̀ gidi wà tí ó yẹ kí á gbọ́. Bí ó bá wà, yóò fún un ní ààyè láti rojọ́.

Bí ó bá sì jẹ́ pé àpò 500 péré ló ti dì gbagidi kí ó tó dé ọwọ́ rẹ̀ ńkọ́? Adájọ́ lè dá ẹjọ́ ₦15,000,000 fún Lágbájá lójú ẹsẹ̀, kí wọ́n máa jà lórí ₦5,000,000 tó kù.

Ní Àbújá, òfin ọdún 2018 ní kí ẹni tí ó fẹ́ jà sí irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ fi ìwé sọ ọ́, pẹ̀lú ìwé ìbúra, ó kéré tán ọjọ́ 5 ṣáájú ọjọ́ ìgbẹ́jọ́.

Nítorí náà, ẹni tó ń tà láwìn, tọ́jú ìwé rẹ. Ẹ̀yin tíṣà tí ẹ máa ń ṣe onídùúró, ẹ kà á kí ẹ tó fọwọ́ sí i. Bí akódà bá sì mú ìwé ìpẹ̀jọ́ wá, má ṣe jù ú sábẹ́ ìrọ̀rí. Gbé e lọ bá lọ́yà lọ́jọ́ náà gan-an. Adákẹ́ má fọhùn, a kò mọ ti ẹni tó ń ṣe.

Ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀.