Ẹni tí Ó Ṣán Igbó Ìmọ̀

Nígbà tí àwọn ènìyàn bá ń ka orúkọ àwọn tí ó fi ìdí ẹ̀kọ́ gíga múlẹ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, àwọn tí ó jókòó lórí àga olórí ni wọ́n sábà máa ń kọ́kọ́ dárúkọ. Èyí kò burú, ṣùgbọ́n kò tó. Ẹni tí ó ń jẹ iṣu tuntun kò gbọdọ̀ gbàgbé ẹni tí ó ṣán igbó. Láàárín àwọn tí ó ṣán igbó náà ni ọmọ Ẹ̀gbá kan wà, tí kò ṣe olórí yunifásítì rí, síbẹ̀ tí ó yẹ kí gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ mọ ìtàn rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ ni Àlùfáà Israel Olúdọ̀tun Ransome-Kuti.

Ní ọdún 1891 ni a bí i. Àlùfáà ni baba rẹ̀, Josiah Jesse Ransome-Kuti, pẹ̀lú, ẹni tí òkìkí orin ìyìn rẹ̀ kàn ní ilẹ̀ Ẹ̀gbá. Nígbà tí Israel dàgbà, kò sí yunifásítì kankan ní Nàìjíríà. Ẹni tí ó bá ń wá ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ ní láti wọ ọkọ̀ ojú omi. Òun náà wọ̀ ọ́ lọ sí Kọ́lẹ́ẹ̀jì Fourah Bay ní Freetown, ilé-ẹ̀kọ́ tí ìjọ CMS dá sílẹ̀ ní 1827, níbi tí Àjàyí Crowther ti wà lára àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àkọ́kọ́. Ó gba oyè B.A. ní 1916, ó padà wálé, ó sì di olùkọ́. Ó ṣe olórí Ijebu-Ode Grammar School fún ọdún púpọ̀. Láti 1932 títí di 1954 ni ó sì fi ṣe olórí Abeokuta Grammar School. Ẹni líle ni, kì í fi pàṣán ṣeré, ṣùgbọ́n àìmọye ọmọ ni ó gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá di ènìyàn.

Iṣẹ́ rẹ̀ kò mọ sí inú ọgbà ilé-ẹ̀kọ́. Ṣáájú 1931, ẹgbẹ́ olùkọ́ ti Èkó ń dá ṣe tirẹ̀, ti Ìjẹ̀bú ń dá ṣe tirẹ̀. Ẹyọ ìgbálẹ̀ kan kò sì lè gbá ilé. Nígbà tí a dá Ẹgbẹ́ Àwọn Olùkọ́ Nàìjíríà sílẹ̀ ní ọdún náà, òun ni wọ́n fi ṣe ààrẹ àkọ́kọ́, ó sì wà ní ipò náà títí di 1954.

Ṣùgbọ́n ibi tí ìwà rẹ̀ ti hàn jù lọ ni inú ìgbìmọ̀ tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì yàn ní 1943, tí Walter Elliot ṣe alága rẹ̀, láti yẹ ọ̀ràn ẹ̀kọ́ gíga wò ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà. Ọmọ Áfíríkà mẹ́ta péré ni ó wà nínú rẹ̀: Korsah láti Gold Coast, tí a ń pè ní Ghana lónìí, Taylor-Cummings láti Sierra Leone, àti Ransome-Kuti láti Nàìjíríà. Nígbà tí wọ́n jábọ̀ ní 1945, ohùn wọn kò ṣọ̀kan. Àwọn kan ní yunifásítì kan ṣoṣo tó, kí ó wà ní Ìbàdàn. Àwọn tí ó pọ̀ jù ní kí Nàìjíríà, Gold Coast àti Sierra Leone ní tiwọn lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Àwọn ọmọ Áfíríkà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta fọwọ́ sí èyí tí ó kẹ́yìn yìí.

Ó yẹ kí a wò ó dáadáa. Ìbàdàn kò jìnnà sí Abẹ́òkúta, ìmọ̀ràn méjèèjì ni ó sì fún Nàìjíríà ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga. Bí ó bá ṣe pé ti ilé rẹ̀ nìkan ni Ransome-Kuti ń rò, kí ni ìbá kàn án bí àwọn aládùúgbò kò bá rí tiwọn? Ṣùgbọ́n ẹni tí ó mu omi nínú kànga kì í da yẹ̀pẹ̀ sí i. Freetown ni òun ti rí ìmọ̀ gbà. Kò fọwọ́ sí ìmọ̀ràn tí ìbá sọ Freetown di ẹ̀yìn.

Àwọn tí ó ní ọ̀kan tó kì í ṣe òmùgọ̀. Ọmọ tí ó kàwé dé ìwọ̀n yunifásítì kò tíì pọ̀ nígbà náà, olùkọ́ sì ṣọ̀wọ́n. Àṣìṣe wọn ni pé wọ́n fi òní wọn ọ̀la. Bí ọ̀nà kò bá sí, ta ni yóò rìn? Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì kọ́kọ́ tẹ̀ sí ìhà tiwọn, ṣùgbọ́n àwọn ará Gold Coast kọ̀ jálẹ̀, wọ́n sì ṣe tán láti ná owó ara wọn. Nígbà tí ó di 1948, kọ́lẹ́ẹ̀jì yunifásítì bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, òmíràn sì bẹ̀rẹ̀ ní Achimota. Fourah Bay pẹ̀lú kò parẹ́. Abẹ́òkúta fúnra rẹ̀ ní yunifásítì iṣẹ́ àgbẹ̀ ti ìjọba àpapọ̀ láti 1988.

Ransome-Kuti kú ní 1955. Ilé ibùgbé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kan ní Yunifásítì Ìbàdàn ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ títí di òní. Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ tí ó bá ń lépa ipò ńlá, kí ó rántí olùkọ́ yìí. Àga a máa gbó, ẹlòmíràn a sì máa jókòó sórí rẹ̀. Ọ̀nà tí ènìyàn bá là fún ọmọ ẹlòmíràn ni ẹsẹ̀ kì í tán lórí rẹ̀.